Àsíá Oníṣòwò tí Wọ́n Sọ̀ Kalẹ̀ ní Lọ́kọ́jà

Ọ̀rọ̀ kan wà tí kì í kú lórí Facebook àti WhatsApp ní ilẹ̀ yìí. Bí ọjọ́ òmìnira bá ti ń súnmọ́lé, tàbí bí ìlú bá tún le koko, àwọn ènìyàn a tún gbé e jáde pé £865,000 ni wọ́n ta Nàìjíríà fún ìjọba Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn kan a fi ẹ̀rín sọ ọ́, àwọn mìíràn a fi ìbínú sọ ọ́. Ẹlòmíràn a tilẹ̀ ṣírò rẹ̀ sí náírà òde òní, kí ó lè fi hàn pé iye náà kò ju owó ilé mélòó kan lọ ní Ìkòyí. Iye owó náà kì í ṣe irọ́. Ohun tí wọ́n ní owó náà rà ni kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ gan-an, kí ó pa ti owó tì ná, kí ó wo àsíá kan tí ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà kò fojú kàn rí. Ìyẹn ni àsíá tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ ní Lọ́kọ́jà ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù kìn-ín-ní, ọdún 1900.

Àsíá ìjọba kọ́ ni. Àsíá ilé-iṣẹ́ oníṣòwò ni.

Aṣọ funfun ni. Ní igun òkè rẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó, ni àsíá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wà, èyí tí wọ́n ń pè ní Union Jack. Ní apá kejì, níbi tí afẹ́fẹ́ ti máa ń gbọn aṣọ náà, ni àmì róbótó kan wà. Nínú àmì yìí ni apá mẹ́ta ti pàdé bí lẹ́tà Y, tí wọ́n sì kọ ọ̀rọ̀ Látìnì kọ̀ọ̀kan sí apá kọ̀ọ̀kan: Ars, Jus, Pax. Iṣẹ́-ọnà, òfin, àlàáfíà ni ìtumọ̀ wọn. Ẹni tí ó bá mọ Lọ́kọ́jà kò ní pẹ́ dá àwòrán náà mọ̀. Odò Ọya ń ti apá kan bọ̀, Odò Bẹ́núè ń ti apá kejì bọ̀, wọ́n pàdé, wọ́n di odò kan ṣoṣo tí ó ń ṣàn lọ sí òkun. Ilé-iṣẹ́ kan tí ó fi Lọ́ńdọ̀nù ṣe ibùjókòó mú ibi tí odò méjèèjì ti pàdé, ó fi ṣe àmì òwò rẹ̀.

Royal Niger Company ni orúkọ ilé-iṣẹ́ náà. Ẹni tí ó dúró lẹ́yìn rẹ̀ ni George Goldie, ọmọ Erékùṣù Man, tí wọ́n bí ní ọdún 1846. Nígbà tí Goldie dé etí Odò Ọya ní nǹkan bí ọdún 1877, àwọn oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì tí ó wà níbẹ̀ ń bá ara wọn jà lórí epo pupa àti ẹkùrọ́. Bí ọ̀kan bá fi owó kún iye tí ó fẹ́ ra epo, èkejì a fi kún tirẹ̀. Ẹni tí ó ń jèrè ìjà náà ni ẹni tí ó ní epo lọ́wọ́, ìyẹn àwọn alágbàtà àti àwọn ọba etí odò. Goldie rí i pé bí àwọn olùrà bá di ẹyọ kan, àwọn ni yóò máa pa iye. Ní ọdún 1879, ó kó wọn jọ sí abẹ́ ilé-iṣẹ́ kan tí a ń pè ní United African Company. Ní ọdún 1882, wọ́n yí orúkọ rẹ̀ padà sí National African Company.

Àwọn ará Faransé náà wà lórí odò nígbà náà, wọ́n ní ilé òwò tiwọn. Goldie fi ọjà bá wọn jà: ó ń ra epo ní owó gọbọi, ó ń ta ọjà Òyìnbó ní owó pọ́ọ́kú, títí tí òwò fi sú wọn. Ní ọdún 1884, ó ra gbogbo ohun ìní wọn. Ní ọdún yẹn kan náà ni àwọn alágbára ilẹ̀ Yúróòpù péjọ sí ìlú Berlin ní ilẹ̀ Jámánì láti jíròrò lórí bí wọn yóò ṣe pín Áfíríkà láàrín ara wọn. Goldie bá àwọn aṣojú Gẹ̀ẹ́sì lọ síbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí olùdámọ̀ràn. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ rọrùn láti sọ: kò sí oníṣòwò Òyìnbó mìíràn ní ìsàlẹ̀ Odò Ọya mọ́ àfi àwọn Gẹ̀ẹ́sì, àwọn àdéhùn tí àwọn ọba etí odò tẹ ìka sí sì wà lọ́wọ́ wọn. Ní ọdún 1885, ilé-iṣẹ́ náà rán Joseph Thomson lọ sí Sókótó àti Gwáńdù láti gba àdéhùn sí i.

Ìdúnàádúrà yìí ni ó bí ìwé-àṣẹ. Ní ọjọ́ kẹwàá, oṣù keje, ọdún 1886, Ọbabìnrin Victoria fún ilé-iṣẹ́ náà ní ìwé-àṣẹ láti ṣe ìjọba lórí àwọn ilẹ̀ tí ó ti bá àwọn ọba wọn ṣe àdéhùn. Láti ìgbà náà ni ó ti ń jẹ́ Royal Niger Company. Ó lè gba owó bodè, ó lè dá ilé ẹjọ́ sílẹ̀, ó lè ní ọmọ ogun. Ìlú Ásàbà ni ó fi ṣe ibùjókòó ìṣàkóso rẹ̀, Àkásà ní etí òkun ni ó fi ṣe èbúté, Lọ́kọ́jà sì ni àwọn ọmọ ogun rẹ̀ wà. Ìwé-àṣẹ náà tún fún un ní ẹ̀tọ́ láti ní àsíá tirẹ̀, èyí tí yóò máa fò lórí ilé rẹ̀ àti lórí ọkọ̀ rẹ̀, níwọ̀n ìgbà tí àsíá náà bá ti fi hàn pé ti Gẹ̀ẹ́sì ni, tí ìjọba Lọ́ńdọ̀nù àti àwọn alákòóso ọmọ ogun ojú omi sì fọwọ́ sí i.

Kí ni oníṣòwò ń fi àsíá ṣe? Èyí kì í ṣe ohun tuntun láàrín àwọn Gẹ̀ẹ́sì. East India Company, tí ó fi ọgbọ́n òwò gba ilẹ̀ Íńdíà, ní àsíá onílà pupa àti funfun pẹ̀lú àsíá Gẹ̀ẹ́sì ní igun rẹ̀, kí ìjọba Lọ́ńdọ̀nù tó gba ìṣàkóso Íńdíà lọ́wọ́ rẹ̀ ní ọdún 1858. Ìlò irú àsíá bẹ́ẹ̀ ni pé ó ní ojú méjì. Nígbà tí èrè bá wọlé, ti oníṣòwò ni, kò kan ìjọba. Nígbà tí ìjà bá dé, igun òkè àsíá a sọ fún ọ̀tá pé ẹni tí ó bá fọwọ́ kan ilé-iṣẹ́ yìí, ọbabìnrin ni ó fọwọ́ kàn. Ìjọba Lọ́ńdọ̀nù gba ilẹ̀ láìná kọ́bọ̀ lórí ìṣàkóso rẹ̀, ilé-iṣẹ́ sì gba agbára ọba láìjẹ́ ọba. Àwọn tí odò náà jẹ́ tiwọn ni kò sẹ́ni tí ó bi léèrè.

Àwọn ará Nembe ni wọ́n kọ́kọ́ mọ ìtumọ̀ àsíá náà dé ojú egungun. Brass ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń pè wọ́n. Ilẹ̀ ẹrẹ̀ àti igi ẹ̀gbà ni ilẹ̀ wọn, oko dídá kò fi bẹ́ẹ̀ ṣe é ṣe níbẹ̀. Òwò ni wọ́n fi ń jẹun. Wọ́n ń gun odò lọ sí òkè láti ra epo àti oúnjẹ, wọ́n á gbé epo náà wá sí etí òkun láti tà fún Òyìnbó. Nígbà tí ìwé-àṣẹ dé, ààlà tí wọ́n fà sí odò náà fi Nembe sí ìta. Abẹ́ ìṣàkóso mìíràn tí aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ń darí ni wọ́n wà, ọjà wọn sì wà nínú ilẹ̀ ilé-iṣẹ́. Bí wọ́n ṣe di àlejò lórí omi tí bàbá wọn ń tukọ̀ lórí rẹ̀ nìyẹn. Kí wọ́n tó lè rà tàbí tà, wọ́n ní láti san £50 lọ́dún fún ìwé-àṣẹ, kí wọ́n sì tún san owó bodè lórí ọjà. Ẹni tí kò bá san án tí ó yọ́ gba ẹ̀yìn kọjá, ẹ̀ṣọ́ ilé-iṣẹ́ a gba ẹrù rẹ̀, wọ́n sì lè yìnbọn fún un.

Ohun tí ó yani lẹ́nu ni pé ìwé-àṣẹ náà fúnra rẹ̀ kọ̀ pé kí ilé-iṣẹ́ náà má ṣe dá nìkan gba òwò odò náà. Àdéhùn Berlin pẹ̀lú sọ pé Odò Ọya ṣí sílẹ̀ fún gbogbo ènìyàn. Lórí ìwé, ọjà wà fún tẹrú-tọmọ. Lórí omi, àsíá funfun ni ó ń sọ ẹni tí yóò kọjá. Ilé-iṣẹ́ kan náà ni oníṣòwò, òun ni agbowó bodè, òun ni adájọ́, òun sì ni ọmọ ogun. Ta ni ẹni tí ó ń bá a du ọjà fẹ́ lọ fi ẹjọ́ rẹ̀ sùn?

Àwọn olóyè Nembe fi ẹjọ́ sùn fún ọ̀pọ̀ ọdún, wọn kò rí ìdáhùn. Ní àfẹ̀mọ́júmọ́ ọjọ́ 29, oṣù kìn-ín-ní, ọdún 1895, Ọba Frederick William Koko kó àwọn jagunjagun tí ó ju 1,000 lọ sínú ọkọ̀ onígi, wọ́n sì ya wọ Àkásà. Wọ́n ba ilé ìkẹ́rùsí àti ẹ̀rọ jẹ́, wọ́n pa lára àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ náà, wọ́n sì kó àwọn mìíràn lọ ní ìgbèkùn, tí ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì padà wálé láàyè. Ọmọ Áfíríkà tí ó ń ṣiṣẹ́ oṣù ni ọ̀pọ̀ àwọn tí ó kú náà. Àwọn tí ó ni àsíá wà ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn tí ó ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ rẹ̀ ni ikú kàn.

Nígbà náà ni igun òkè àsíá ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Ní oṣù kejì ọdún yẹn, ọmọ ogun ojú omi ọbabìnrin gòkè odò, wọ́n sì dáná sun Nembe. Lẹ́yìn èyí ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì rán John Kirk wá láti wádìí ọ̀rọ̀ náà wò, ìwádìí rẹ̀ sì fi hàn pé ẹ̀sùn tí àwọn ará Nembe fi kan ilé-iṣẹ́ kì í ṣe àdábọwọ́: òfin òwò rẹ̀ ti lé wọn kúrò ní ọjà wọn. Ṣùgbọ́n Ọba Koko kò gorí ìtẹ́ rẹ̀ mọ́. Wọ́n sọ ọ́ di arúfin, ibi tí ó sá sí ni ó sì kú sí ní ọdún 1898.

Bí àsíá náà ṣe ń ti ilẹ̀kùn ní ìsàlẹ̀ odò ni ó ń sá eré ìje ní òkè rẹ̀. Ní ọdún 1894, ilé-iṣẹ́ náà gba Frederick Lugard síṣẹ́, ó sì rán an lọ sí Níkkì ní ilẹ̀ Bọ̀rgú kí ó lè gba àdéhùn kí àwọn Faransé tó dé. Lugard dé ní oṣù kọkànlá, ó gba ìwé rẹ̀. Kò pẹ́ lẹ́yìn rẹ̀ tí Ọ̀gágun Decoeur ti ilẹ̀ Faransé fi dé, òun náà sì gba tirẹ̀. Nígbà tí ó di ọdún 1898, àsíá Faransé ń fò ní abúlé kan ní Bọ̀rgú, ti Gẹ̀ẹ́sì ń fò ní èkejì, àwọn ọmọ ogun méjèèjì sì ń wo ara wọn bí ológbò àti ajá. Kò sí ìbọn tí ó yanjú rẹ̀. Ní oṣù kẹfà ọdún náà, àwọn ìjọba méjèèjì jókòó sí ilẹ̀ Yúróòpù, wọ́n fi gègé pín in. Níkkì bọ́ sí ọwọ́ Faransé, ó sì wà ní orílẹ̀-èdè Benin títí di òní. Bùsà bọ́ sí ọwọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ó sì di Nàìjíríà. Ilẹ̀ Bọ̀rgú tí ó jẹ́ ọ̀kan di méjì, láìsí pé ẹnikẹ́ni bi ará Bọ̀rgú ní ọ̀rọ̀ kan.

Ọ̀nà tí àsíá yìí gbà kan ilẹ̀ Yorùbá kò ju èyí lọ ní ìtumọ̀. Ìlọrin ni ó bá wọlé. Láti ìgbà tí ìjọba àwọn ọmọ Álímì ti fìdí múlẹ̀ níbẹ̀ lẹ́yìn ikú Àfọ̀njá, Ìlọrin ti jẹ́ ìlú tí ọ̀pọ̀ ará ibẹ̀ ń sọ Yorùbá, ṣùgbọ́n tí ó ń wárí fún Gwáńdù. Royal Niger Company di èyí mú. Ó ní níwọ̀n ìgbà tí Gwáńdù ti bá òun ṣe àdéhùn, gbogbo ibi tí ó wà lábẹ́ Gwáńdù ti di ti òun, Ìlọrin sì wà nínú rẹ̀. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí ó wà ní Èkó kò fẹ́ gbọ́ èyí. Gómìnà Carter, tí ó ti rin ilẹ̀ Yorùbá já ní ọdún 1893 láti gba àdéhùn, rí Ìlọrin gẹ́gẹ́ bí ara ọ̀nà òwò Èkó. Ogun tí ó wà láàrín Ìlọrin àti Ìbàdàn ń dí ọ̀nà náà. Gẹ̀ẹ́sì ń bá Gẹ̀ẹ́sì du ìlú kan náà, ọ̀kan pẹ̀lú àsíá ìjọba, ìkejì pẹ̀lú àsíá òwò.

Goldie kò dúró de ìpinnu. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1897, òun fúnra rẹ̀ bá àwọn ọmọ ogun ilé-iṣẹ́ náà lọ. Adúláwọ̀ ni àwọn ọmọ ogun wọ̀nyí, Òyìnbó ni ọ̀gá wọn, wọ́n sì ní ìbọn Maxim tí ó ń yọ ọta bí òjò. Wọ́n kọ́kọ́ kọlu Bídà, wọ́n sì ṣẹ́gun àwọn ẹlẹ́ṣin Núpé tí ó pọ̀ jù wọ́n lọ fíìfíì. Ní oṣù kejì, wọ́n gba Jẹ́bà kọjá sí Ìlọrin. Àwọn ẹlẹ́ṣin Ìlọrin jáde pàdé wọn, ìbọn dá wọn padà, wọ́n sì yin àgbá lu ìlú náà. Ẹ́mírì Sulaiman sá jáde, ó tún padà wá, ó sì fọwọ́ sí ìwé pé òun gba àṣẹ ilé-iṣẹ́. Nígbà tí ìwé bọ́ sọ́wọ́ Goldie tán, ó kó àwọn ọmọ ogun rẹ̀ padà. Ohun tí ó ń wá ti bọ́ sí i lọ́wọ́: ìwé tí ó fi hàn pé Ìlọrin kì í ṣe ti Èkó.

Ọdún méjì àti oṣù mélòó kan lẹ́yìn èyí ni ìjọba Lọ́ńdọ̀nù pinnu pé ó tó gẹ́ẹ́. Ìjà pẹ̀lú Faransé ti kọjá ohun tí oníṣòwò lè dá gbé. Àwọn oníṣòwò Liverpool ń pariwo pé wọ́n ti àwọn mọ́ ìta odò. Ọ̀rọ̀ Nembe sì ti ba orúkọ ilé-iṣẹ́ náà jẹ́. Ní ọdún 1899, Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Gẹ̀ẹ́sì ṣe òfin láti gba ìwé-àṣẹ náà padà, wọ́n sì fún ilé-iṣẹ́ náà ní £865,000.

Níbí ni ọ̀rọ̀ tí ó ń lọ káàkiri ti ṣìnà. Owó gbà-máà-bínú ni £865,000, tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì san fún ilé-iṣẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, kí ó lè fi ìṣàkóso àti ohun ìní ìṣàkóso sílẹ̀. Kò kan Èkó, tí Ọba Dòsùnmú ti fọwọ́ sí ìwé ìfàlélẹ̀ rẹ̀ láti oṣù kẹjọ ọdún 1861. Kò kan Abẹ́òkúta tàbí Ìbàdàn. Kò kan Benin, tí ọmọ ogun ọbabìnrin jó ní ọdún 1897. Kò kan Kánò àti Sókótó ní òótọ́, nítorí àwọn ìlú wọ̀nyẹn kò tíì mọ̀ pé àwọn wà lábẹ́ ẹnikẹ́ni. Ogun ni Lugard fi kó wọn ní ọdún 1903. Nàìjíríà gẹ́gẹ́ bí orílẹ̀-èdè kan kò sì tíì sí. Orúkọ lásán ni, tí akọ̀ròyìn Flora Shaw dábàá rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn The Times ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1897, ogún ọdún ó dín mẹ́ta kí wọ́n tó so ìhà àríwá àti ìhà gúúsù pọ̀ ní ọdún 1914.

Bí a bá ní wọ́n ta Nàìjíríà, a jẹ́ pé a ti gbà pé ẹnìkan ni í láti tà. Ibẹ̀ gan-an ni irọ́ àsíá náà wà. Ọjà kò wáyé láàrín onílé àti àlejò. Àlejò méjì ni wọ́n jókòó sí ìyẹ̀wù onílé, tí ọ̀kan fún èkejì ní owó lórí àga tí kì í ṣe ti ẹnikẹ́ni nínú wọn. Kò sí ọba etí odò kan tí kọ́bọ̀ kàn nínú £865,000 náà.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kìn-ín-ní ọdún 1900 ni wọ́n ṣe ayẹyẹ náà ní Lọ́kọ́jà. Lugard ka ìkéde. Wọ́n fa àsíá funfun náà wálẹ̀, wọ́n sì fa Union Jack sókè. Lugard tí ó ti jẹ́ òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ di Kọmíṣọ́nnà Àgbà fún Àríwá Nàìjíríà. Lórí aṣọ, ohun tí ó ṣẹlẹ̀ kò ju pé igun kékeré òkè gbòòrò, tí ó sì bo gbogbo àsíá náà mọ́lẹ̀.

Àsíá wálẹ̀, ṣùgbọ́n ibi tí ó ti dúró kò parẹ́. Nígbà tí wọ́n pín ilẹ̀ ilé-iṣẹ́ náà, ìhà òkè rẹ̀ di Àríwá Nàìjíríà, Ìlọrin sì bá a lọ, pẹ̀lú Ọ̀ffà, ọ̀pọ̀ ìlú Ìgbómìnà, àti àwọn Okun ní agbègbè Kàbà. Ní àwọn ọdún 1950, àwọn kan ní Ìlọrin àti Kàbà bèèrè pé kí wọ́n dá àwọn padà sí Ìwọ̀-Oòrùn, àwọn mìíràn sì kọ̀ jálẹ̀. Ìgbìmọ̀ Willink tí ó jókòó láàrín ọdún 1957 sí 1958 gbọ́ ẹjọ́ náà, ààlà kò sì yẹ̀. Ní ọdún 1967, ìpínlẹ̀ tí a mọ̀ sí Kwara jáde láti ara Àríwá. Ní ọdún 1991, Kogi jáde. Ẹni tí ó bá ń bi ara rẹ̀ léèrè ìdí tí àwọn tí wọ́n ń sọ èdè kan náà fi ń dìbò ní àgbègbè òṣèlú ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, kó má ṣe wá ìdáhùn sínú ìtàn Álímì nìkan. Ìjà méjì láàrín Goldie àti Carter wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú.

Òwò náà kò kú. Nígbà tí ó fi ìwé-àṣẹ sílẹ̀, ilé-iṣẹ́ náà fi orúkọ Niger Company tẹ̀síwájú, ó sì gba ẹ̀tọ́ kan tí ó tóbi ju owó ọwọ́ lọ: ìdajì owó tí ìjọba bá gbà lórí ohun àlùmọ́nì ní apá ńlá kan ní Àríwá, fún ọdún 99. Nígbà tí tánganran ilẹ̀ Jos bẹ̀rẹ̀ sí í jáde, àwọn awakùsà ń ṣíṣẹ́, ilé-iṣẹ́ náà ń gba tirẹ̀. Ní ọdún 1920, Lever Brothers, àwọn oníṣẹ́ ọṣẹ, ra Niger Company ní iye tí ó ju £8 mílíọ̀nù lọ. Ní ọdún 1929, wọ́n so ó pọ̀ mọ́ ilé-iṣẹ́ mìíràn, ó sì di United Africa Company, UAC tí gbogbo Yorùbá mọ̀. Orúkọ náà fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ èyí tí Goldie kọ́kọ́ lò ní ọdún 1879. Ọgbọ́n náà kò sì yàtọ̀. Ní ọdún 1937, UAC àti àwọn ilé-iṣẹ́ Òyìnbó mìíràn gbìmọ̀ pọ̀ kí wọ́n má baà bá ara wọn díje lórí owó kòkó. Àwọn àgbẹ̀ ilẹ̀ Gold Coast kọ̀ láti ta kòkó wọn. Ní ilẹ̀ yìí, Nigerian Youth Movement ta kò ó. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí epo Nembe ni ó fẹ́ ṣẹlẹ̀ sí kòkó Oǹdó àti Ìbàdàn.

Àmì náà pẹ̀lú kò parẹ́ tán. Nínú àmì ìdámọ̀ Nàìjíríà, lórí apata dúdú tí ẹṣin funfun méjì dì mú, ilà funfun kan wà tí ó rí bí Y. Odò Ọya àti Bẹ́núè ni ó dúró fún. Wọ́n ti yọ ọ̀rọ̀ Látìnì kúrò, ìdàpọ̀ odò ni ó kù, ìyẹn sì tọ́, nítorí odò náà ti wà kí Goldie tó wà. Ní Navy Town ní Alákijà, lójú ọ̀nà Badagry, ẹni tí ó bá wo àsíá ọmọ ogun ojú omi Nàìjíríà yóò rí aṣọ funfun, àsíá orílẹ̀-èdè ní igun òkè, àti àmì iṣẹ́ ní apá kejì. Àṣà Gẹ̀ẹ́sì lórí omi ni wọ́n ti mú àtòjọ yìí, gẹ́gẹ́ bí ilé-iṣẹ́ Goldie ti mú un níbẹ̀ kan náà. Ohun tí ó yàtọ̀ ni igun òkè. Ewéko-funfun-ewéko tí Táíwò Akínkúnmi, akẹ́kọ̀ọ́ ọmọ Yorùbá ní Lọ́ńdọ̀nù, yà fún ìdíje ọdún 1958 ni ó wà níbẹ̀. Akínkúnmi ya oòrùn pupa sí àárín tirẹ̀, àwọn adájọ́ ìdíje ní kí wọ́n yọ ọ́. Àsíá náà gòkè ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù kẹwàá, ọdún 1960, Akínkúnmi sì wà láyé di oṣù kẹjọ ọdún 2023.

Ìlú Festac kò jìnnà sí Alákijà. Ìjọba kọ́ ọ láti gba àwọn àlejò àjọ̀dún àṣà adúláwọ̀ ọdún 1977, ojú Ìyá Ọba Idia tí wọ́n fi eyín erin gbẹ́ sì ni àmì àjọ̀dún náà. Ọdún 1897 ni wọ́n kó ojú náà kúrò ní Benin, ọdún kan náà tí àgbá dún ní Bídà àti Ìlọrin. Nígbà tí Nàìjíríà ní kí wọ́n yá òun fún àjọ̀dún náà, ilé ìṣẹ̀ǹbáyé British Museum kọ̀. Èyí fi hàn pé ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti aṣọ tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ nìkan. Ohun tí wọ́n kó lábẹ́ àsíá kì í padà wálé ní ọjọ́ tí wọ́n bá fà á wálẹ̀.

Nítorí náà, ẹni tí ó bá tún rí £865,000 lórí fóònù rẹ̀, kó má ṣe bèèrè bóyá owó náà kéré. Bí ó bá jẹ́ £865 mílíọ̀nù, kò ní sọ ọjà náà di títọ́. Ìbéèrè tí ó yẹ kí ó bèèrè ni ẹni tí ó fún oníṣòwò ní àṣẹ láti jẹ́ ọba, àti ẹni tí wọn kò bi léèrè. Ìbéèrè náà kò tíì gbó. Lóde òní, ilé-iṣẹ́ kò nílò àsíá mọ́ kí ó tó ti odò mọ́ ẹnikẹ́ni. Ìwé àdéhùn kan tí ẹnikẹ́ni ní etí odò kò rí kà ti tó. Bí irú ìwé bẹ́ẹ̀ bá dé, yálà lórí ilẹ̀, lórí èbúté, tàbí lórí ohun àlùmọ́nì, ó yẹ kí àwọn tí ó wà nítòsí wo igun òkè rẹ̀ dáadáa, kí wọ́n mọ orúkọ ẹni tí ó fọwọ́ sí i, kí wọ́n sì ka àwọn tí ó fi sí ìta. Àwọn ará Nembe mọ̀ bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn tí ilẹ̀kùn ti pa.